Ọgbà Àjàrà Nábótì àti Owó Ilẹ̀ Tí Ìjọba Gbà

(Ẹ ka 1 Àwọn Ọba 21 àti Jeremáyà 32)

Ẹni tí ó bá ka ìtàn Nábótì kánkán yóò rò pé Áhábù kò fẹ́ san ohunkóhun. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ọba fi ọgbà àjàrà tí ó dára ju tirẹ̀ lọ lọ̀ ọ́, tàbí iye owó rẹ̀. Nábótì ni ó kọ̀, nítorí ogún baba ni. Ibi tí ọ̀ràn náà ti kọ́kọ́ wọ́ ni ohun tí ọba fẹ́ fi ilẹ̀ ṣe: ọgbà ewébẹ̀ ti ara rẹ̀, lẹ́bàá ààfin.

Òfin Ilẹ̀ tí ìjọba ológun Ọ̀gágun Olúṣẹ́gun Ọbásanjọ́ ṣe ní 1978 fi ilẹ̀ ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan sí ìkáwọ́ Gómìnà, kí ó máa tọ́jú rẹ̀ fún gbogbo ènìyàn. Ó lè gba ilẹ̀ wa fún ànfààní gbogbo ìlú, ṣùgbọ́n kì í ṣe fún ọgbà ewébẹ̀ ẹnìkan. A sì gbọ́dọ̀ fi ìwé sọ ọ́ fún ẹni tí ó ni ín.

Ohun tí owó gbà-má-bínú dúró lé ni ọ̀pọ̀ nínú wa ní Ìbàràpá kò mọ̀. Ilẹ̀ fúnra rẹ̀ kò fẹ́rẹ̀ẹ́ mú nǹkan wá, bí kò ṣe iye owó ilẹ̀ tí a san lọ́dún náà, bí a bá san án rárá. Ohun tí ọwọ́ ènìyàn fi sórí ilẹ̀ ni a ń sanwó fún. Bí ó bá ṣe ilé, a ó ṣírò iye tí a ó fi kọ́ irú rẹ̀, a ó sì yọ ti ogbó rẹ̀ kúrò. Bí ó bá ṣe irè oko, iye tí òṣìṣẹ́ ìjọba bá kà sí i ni. Nítorí náà igbó ńlá tí baba fi sílẹ̀ láìro lè mú owó díẹ̀ wá, nígbà tí oko kajú kékeré yóò mú jù ú lọ. Ẹ̀gúsí tí a sì ti kó lóko kí wọ́n tó dé, ta ni yóò kà á?

Òfin 1978 kò fẹ́ kí ilé-ẹjọ́ bèèrè bí owó náà bá tó. Ṣùgbọ́n Ìwé Òfin Ìlú ti 1999, ní ìpín 44, pàṣẹ pé kí a san án láìpẹ́, ó sì ṣí ọ̀nà ilé-ẹjọ́ sílẹ̀ fún ẹni tí a gba ohun ìní rẹ̀.

Ta ni yóò gba owó náà? Bí ilẹ̀ bá jẹ́ ti ìlú tàbí ti àwùjọ, Gómìnà lè ní kí a san án fún olórí wọn, ṣùgbọ́n fún ire gbogbo wọn ni. Ọ̀rọ̀ yìí ti pẹ́. Ní 1913 ìjọba gba ilẹ̀ Àpápá lọ́wọ́ Olóyè Olúwa ti Èkó, Àmọ́dù Tìjání. Ilé-ẹjọ́ níhìn-ín sọ pé àṣẹ àbójútó nìkan ni ó ní, kí a san ìwọ̀nba fún un. Òun àti Herbert Macaulay wọ ọkọ̀ lọ sí Lọ́ńdọ̀nù ní 1920, nígbà tí ó sì di oṣù keje 1921, Ìgbìmọ̀ Ọba dá wọn láre: ti àwùjọ ni ilẹ̀ náà pátápátá, kí a sanwó rẹ̀ bí ti onílẹ̀. £22,500 ni a san. Ọ̀pọ̀ ń rántí owó yìí ju ìdí rẹ̀ lọ, nítorí ìdájọ́ kan náà ni ó sọ pé olóyè kì í ṣe ẹni tí ó ni ín, alábòójútó ni.

Mo ti jókòó nínú ìpàdé ẹbí kan níbi tí olórí ẹbí, ẹni tí ń gba Oúnjẹ Olúwa pẹ̀lú wa, ti tẹ̀ka sí ìwé owó kí àwọn ọmọ obìnrin ilé náà tó gbọ́ pé sọfiyọ̀ wá. Ọdún kejì ni wọ́n tó mọ̀. Wọn kò jọ jókòó lórí àga kan ní ṣọ́ọ̀ṣì mọ́.

Jeremáyà ra ilẹ̀ ní ṣékélì 17 nígbà tí ogun yí ìlú ká. Ó pe ẹlẹ́rìí, ó wọn owó, ó ṣe ìwé méjì, ọ̀kan tí a fi èdìdì dì àti ọ̀kan tí a ṣí sílẹ̀, ó sì ní kí a kó wọn sínú ìkòkò amọ̀ kí wọ́n lè pẹ́. Ẹ̀yin olùkọ́ tí ẹ wà nínú ẹbí, ẹ̀yin ni iṣẹ́ yìí yẹ. Kí sọfiyọ̀ tó dé, ẹ ka igi kajú àti igi máńgòrò, ẹ kọ ààlà, ẹ kọ orúkọ gbogbo àwọn tí ó ní ìpín, lọ́kùnrin lóbìnrin, kí ìwé kan wà lọ́dọ̀ olórí ẹbí, kí èkejì sì wà lọ́wọ́ ẹlòmíràn.