Alààyè tí Ìwé Sọ Di Òkú

Àgbẹ̀ kan wà ní agbègbè Azamgarh, ní ìpínlẹ̀ Uttar Pradesh ní ilẹ̀ Íńdíà, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Lal Bihari. Ó fẹ́ yá owó ní báńkì, wọ́n sì ní kí ó lọ gba ìwé ẹ̀rí wá ní ọ́fíìsì ìjọba. Ibẹ̀ ni ó ti gbọ́ pé òun ti kú láti ọdún 1975. Ojú àwọn akọ̀wé rí i, etí wọn gbọ́ ohùn rẹ̀, síbẹ̀ ìwé ni wọ́n gbà gbọ́.

Arákùnrin bàbá rẹ̀ ni ó fún òṣìṣẹ́ ìjọba kan ní àbẹ̀tẹ́lẹ̀ kí ó kọ ọ́ sílẹ̀ ní òkú, kí ilẹ̀ rẹ̀, tí kò tó éékà kan, lè bọ́ sí i lọ́wọ́. Ẹni tí yóò pa ènìyàn a máa wá idà tàbí májèlé. Kálámù nìkan ni eléyìí wá.

Àwọn Yorùbá mọ àkúdàáyà, ẹni tí ó kú ní ìlú rẹ̀ tí ó sì lọ ń gbé láàárín àwọn tí kò mọ̀ ọ́n. Ti Lal Bihari burú ju bẹ́ẹ̀ lọ. Kò kú, àwọn tí ó mọ̀ ọ́n ni ó sì ń bá gbé, ṣùgbọ́n ẹ̀rí ẹnu wọn kò tó nǹkan lójú òfin.

Ó wá rò ó pé bí ìjọba bá lè kọ orúkọ òun sí ibòmíràn, ìbáà jẹ́ ìwé ọ̀daràn, a jẹ́ pé òun yè. Ó jí ọmọ arákùnrin bàbá rẹ̀ yìí gbé kí ọlọ́pàá lè mú un. Ó béèrè owó opó fún aya rẹ̀. Ní ọdún 1989 ó bá Rajiv Gandhi, olórí ìjọba ìgbà náà, du ipò aṣòfin. Kì í ṣe pé ó retí àtiwọlé, orúkọ rẹ̀ nínú ìwé ìdìbò ni ó ń wá. Ó tilẹ̀ fi “Mritak” kún orúkọ rẹ̀, èyí tí í ṣe “olóògbé” ní èdè wọn. Nígbà tí ó rí i pé irú òun pọ̀, ó dá ẹgbẹ́ sílẹ̀, ó pè é ní Ẹgbẹ́ Àwọn Òkú.

Ọdún 1994 ni ìjọba tó tún ìwé náà ṣe. Lẹ́yìn èyí, Lal Bihari kò yọ “Mritak” kúrò lára orúkọ rẹ̀, nítorí pé púpọ̀ nínú àwọn ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀ ṣì jẹ́ òkú nínú ìwé.