Àròkọ Asọ̀tàn: Ọjọ́ tí Mo Bá Onísúmò Wọ Agbo

Orí-ọ̀rọ̀ tí a ó yẹ̀ wò nínú ẹ̀kọ́ yìí nìyí: 'Sọ ìtàn eré ìdárayá kan tí o bá wọn ṣe ní ìlú tí kì í ṣe tìrẹ.' Bí ẹ bá rí irú rẹ̀ nínú ìdánwò, ẹ ó rò pé kò le. Ibẹ̀ gan-an ni ọ̀pọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ ti ń kọsẹ̀. Wọn yóò kọ odidi ojú ìwé kan lórí bí ọkọ̀ òfúrufú ṣe gbéra, oúnjẹ tí wọ́n jẹ lókè, àti bí ìlú náà ṣe mọ́ tónítóní. Kí wọ́n tó dé ibi eré, aago ti lù. Ìwọ má ṣe bẹ́ẹ̀. Eré ni wọ́n bi ọ́. Inú eré ni kí o ti bẹ̀rẹ̀.

Àpẹẹrẹ tí mo kọ sísàlẹ̀ dá lórí súmò, ìjàkadì àwọn ará ilẹ̀ Jàpáànù. Mo yàn án nítorí pé ó ṣeé ṣe kí o ti rí àwòrán àwọn ọkùnrin ràbàtà tí wọ́n san bàǹtẹ́, kí o sì ti fi wọ́n rẹ́rìn-ín. Ẹni tí yóò kọ nípa ohun àjèjì gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ mọ òfin rẹ̀. Bí onígbá bá ṣe pe igbá rẹ̀ ni à ń bá a pè é.

Òfin súmò kò pọ̀. Amọ̀ tí wọ́n lù mọ́lẹ̀ títí tí ó fi le bí òkúta ni agbo wọn. Ìbú rẹ̀ jẹ́ mítà 4.55, àpò koríko ìrẹsì tí wọ́n rọ erùpẹ̀ kún ni wọ́n sì fi ṣe ààlà yí i ká. Bí o bá ti ẹnìkejì rẹ jáde, o borí. Bí ohunkóhun lára rẹ̀ yàtọ̀ sí àtẹ́lẹsẹ̀ bá kan ilẹ̀, o borí. Kíyè sí i pé èyí yàtọ̀ sí ìjàkadì tiwa, níbi tí ẹ̀yìn ẹni gbọ́dọ̀ lálẹ̀ kí a tó pariwo. Ní ti súmò, bí ìka ọwọ́ kan péré bá kan ilẹ̀, wọ́n ti dá ọ nìyẹn. Wọn kì í di ẹ̀ṣẹ́ lu ara wọn, wọn kì í fa irun, wọn kì í fún ara wọn lọ́rùn. Wọn kì í fi ìwọ̀n ara pín àwọn oníjà sọ́tọ̀: ẹni tí kò ju ọgọ́rùn-ún kílò lọ lè bá ẹni tí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó igba pàdé. Ọ̀pọ̀ ìjà kì í sì í pé ìṣẹ́jú kan.

Àwọn tí ó ń fi súmò ṣe iṣẹ́ kì í bá àlejò ṣeré nínú ìdíje wọn. Àwọn tí ó ti fẹ̀yìn tì ni wọ́n ń ṣe é fún arìnrìn-àjò, nínú gbọ̀ngàn tí ènìyàn ti lè jẹun kí ó sì wòran. Irú gbọ̀ngàn bẹ́ẹ̀ ni ìtàn yìí ti ṣẹlẹ̀. Kà á lẹ́ẹ̀kan láìdúró, lẹ́yìn náà kí o wá bá mi ní ìsàlẹ̀.

ÀPẸẸRẸ

Nígbà tí ó kàn mí, ẹ̀gbọ́n mi fi ìgbọ̀nwọ́ gún mi níhà. 'Dìde, àbúrò. Ṣebí ìwọ ni o ní ọmọ Ọ̀fà kì í sá fún ìjàkadì?'

Asakusa ni a wà, ní ìlú Tokyo. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, tí wọ́n ń kàwé níbẹ̀, ni wọ́n ra tíkẹ́ẹ̀tì fún àwa méjèèjì. Àwa àlejò tí a tó ọgọ́ta jókòó yí agbo ká, ìkòkò chanko sì ń hó níwájú wa. Ẹran adìẹ, ẹja, wàrà sóyà àti ewébẹ̀ lóríṣiríṣi ni wọ́n dà pọ̀ sínú ọbẹ̀ yìí. Òun ni àwọn onísúmò fi ń sanra: wọn kì í jẹun òwúrọ̀, bí wọ́n bá parí ìdánrawò, wọn a jẹ àjẹyó, wọn a sì sùn.

Ọkùnrin méjì jáde sí wa. Wọ́n gbé ẹsẹ̀ kan sókè sẹ́gbẹ̀ẹ́, wọ́n sì jù ú sílẹ̀, ife orí tábìlì wa sì gbọ̀n. Atọ́kùn ètò ṣe àlàyé àwọn ohun tí ó jẹ́ èèwọ̀ nínú ìjà náà, èyí tí ó sanra jù nínú wọn sì ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́, ó ń ṣe bí ẹni pé wọ́n fa òun nírun, a sì ń rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà wọ́n jà lẹ́ẹ̀kan láìṣe yẹ̀yẹ́. Wọ́n lóṣòó, wọ́n fi ọwọ́ méjèèjì kan ilẹ̀, wọ́n sì fò mọ́ ara wọn. Ìró ara wọn dà bí ìgbà tí odó ṣubú lulẹ̀. Ẹ̀rín dá lẹ́nu wa.

Ó wá kan àwa àlejò. Wọ́n fún wa ní ẹ̀wù ńlá kan tí wọ́n ki fóòmù sí, tí ó mú kí gbogbo wa rí bí àgbá, àti wíìgì tí wọ́n di irun rẹ̀ sí àárín orí. Ọmọkùnrin kékeré kan tí kò ju ọdún mẹ́fà lọ ti ọkùnrin ńlá náà. Ó pariwo, ó fi ẹ̀yìn rìn, ó jáde kúrò nínú agbo, ó kúnlẹ̀, ó fi ọwọ́ bojú bí ẹni tí ń sunkún. Ẹ̀gbọ́n mi náà wọlé, wọ́n sì borí. Èmi ni mo tẹ̀ lé wọn. Mo tì í. Ó pariwo, ó fi ẹ̀yìn rìn, ó jáde, ó kúnlẹ̀, ó fi ọwọ́ bojú. Atọ́kùn gbé ọwọ́ mi sókè, wọ́n pàtẹ́wọ́, wọ́n sì ya fọ́tò wa.

Ìtìjú mú mi. Igbe kan náà ni ó ké fún ọmọ ọdún mẹ́fà, ìṣísẹ̀ kan náà ni ó sì gbé. Ilé ni mo ti ń fọ́nnu pé bí mo bá dé ọ̀dọ̀ àwọn ènìyàn wọ̀nyí, n ó dán ara mi wò. Mo bọ́ ẹ̀wù fóòmù náà, mo sì sún mọ́ atọ́kùn. 'Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá mi bi wọ́n bóyá wọ́n lè gbà kí n tì wọ́n lẹ́ẹ̀kan sí i, kí wọ́n má fi í ṣeré.'

'Àbúrò!' Ẹ̀gbọ́n mi ti dìde. 'Kí ni kí n sọ fún màmá bí ọrùn rẹ bá kán?'

'Ẹ má bínú, ẹ̀gbọ́n. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni.'

Ọkùnrin náà wò mí. Kò rẹ́rìn-ín mọ́. Ó sọ ọ̀rọ̀ díẹ̀, atọ́kùn sì túmọ̀ rẹ̀ pé: 'Wọ́n ní àwọn yóò yá ọ ní àyà àwọn.' Bẹ́ẹ̀ ni àwọn onísúmò ń pe ìdánrawò tí àgbà kan ti ń dúró, tí ọmọdé ń fi gbogbo agbára tì í ní àyà. Ó ní kí n bọ́ aago ọwọ́ mi. Ó fi hàn mí bí n ó ṣe lóṣòó, àti bí n ó ṣe gbé orí sí ẹ̀gbẹ́ kan kí ọrùn má baà dùn mí. Lẹ́yìn èyí, ó bu iyọ̀ lọ́wọ́, ó fọ́n ọn sínú agbo. Kò tíì fọ́n iyọ̀ fún àlejò kankan lọ́jọ́ náà.

Mo sáré kọlù ú. Mo ti rò pé àyà rẹ̀ yóò rọ̀ bí tìmùtìmù. Ó gbóná, ó kún fún òógùn, ṣùgbọ́n lábẹ́ ọ̀rá yẹn ògiri ni. Ẹsẹ̀ tèmi ni ó ń yọ̀ lórí amọ̀ náà. Tirẹ̀ kò yẹ̀. Mo tì, mo mí, mo tún tì. Mo ń gbọ́ èémí rẹ̀ lórí mi, jẹ́jẹ́, bí ti ẹni tí ó jókòó sí iwájú ilé rẹ̀ nírọ̀lẹ́. Ó sọ gbólóhùn kan. 'Rẹ ìdí rẹ sílẹ̀,' ni atọ́kùn wí. Mo rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀, mo sì gbọ́ tí gìgísẹ̀ rẹ̀ ha ilẹ̀. Ó sún, ìwọ̀n àtẹ́lẹwọ́ kan. Ó tún sún. Bí mo ti ń rò pé ẹsẹ̀ rẹ̀ yóò kan koríko ààlà báyìí, ó gbé ọwọ́ lé mi lẹ́yìn ọrùn, ó yí i díẹ̀, mo sì rí i pé mo ń yí gbirigbiri nílẹ̀.

Ó fà mí dìde. Ó tẹrí ba fún mi, èmi náà sì tẹrí ba. Lẹ́yìn náà ni ó tún padà sí ẹ̀rín rẹ̀, ó sì pe ẹni tí ó kàn.

Fọ́tò ìgbà tí mo 'borí' ni wọ́n fún wa mú relé. Kò sí ẹni tí ó ya ti ẹlẹ́ẹ̀kejì. Nínú ọkọ̀ ojú irin, ẹ̀gbọ́n mi fi áńkáṣífù nu amọ̀ tí ó kù ní etí mi, wọ́n ní, 'Ó sún lóòótọ́. Mo rí i.'

ÀKÍYÈSÍ

Jẹ́ kí a wo ibi tí mo ti lo àkókò mi. Ẹ̀ẹ̀mejì ni asọ̀tàn yìí ti ọkùnrin náà. Gbólóhùn bíi mélòó kan ni mo fún ti àkọ́kọ́. Mo tilẹ̀ mọ̀ọ́mọ̀ tún ọ̀rọ̀ tí mo fi sọ ti ọmọ kékeré yẹn sọ, kí òǹkàwé lè fúnra rẹ̀ rí i pé ẹ̀bùn ni ìborí náà. Èkejì ni mo fún ní ìpínrọ̀ gígùn, nítorí òun ni ìtàn. Bí mo bá ti pín wọn dọ́gba, ìtàn náà ìbá kú. Tún wo bí mo ti jẹ́ kí o mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé kò fọ́n iyọ̀ fún ẹlòmíràn. Fífọ́n iyọ̀ ni àwọn onísúmò fi ń sọ agbo di mímọ́ kí wọ́n tó jà. Nígbà tí ó fọ́n ọn, kò sí ìdí fún mi mọ́ láti kọ ọ́ pé ó bọ̀wọ̀ fún àlejò rẹ̀.

Má ṣe jẹ́ kí ó wù ọ́ láti jẹ́ kí asọ̀tàn borí nígbẹ̀yìn. Mo ti ka irú àròkọ bẹ́ẹ̀ púpọ̀, níbi tí ọmọ ilé-ìwé ti ń gbé òmìrán ṣánlẹ̀. Kò sí ẹni tí ó gbà á gbọ́, olùyẹ̀wò kò sì ní gbà á gbọ́ pẹ̀lú.

Ohun tí mo mọ̀ pọ̀ ju ohun tí mo kọ lọ. Mo mọ̀ pé láti 1958 ni wọ́n ti ń ṣe ìdíje ńlá mẹ́fà lọ́dún, ọjọ́ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún fún ọ̀kọ̀ọ̀kan. Mo mọ̀ pé Takamiyama, ọmọ Hawaii, ni ẹni àkọ́kọ́ tí a bí sí òkèèrè tí ó gba ife ẹ̀yẹ ìpele òkè, ní 1972. Pé Hakuho, ọmọ Mòǹgólíà, gba 45 kí ó tó fẹ̀yìn tì ní 2021. Àti pé Osunaarashi, ọmọ Íjíbítì, ni ọmọ Áfíríkà àkọ́kọ́ tí ó fi súmò ṣe iṣẹ́, tí ó sì wọ ìpele òkè ní 2013. Ó dùn mí láti fi ti ọmọ Íjíbítì yìí sílẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí nínú gbọ̀ngàn náà lọ́jọ́ yẹn. Bí orí-ọ̀rọ̀ bá jẹ́ ti àròkọ alálàyé, gbogbo wọn ni n óò kó wọlé.

Bákan náà ni ti ẹ̀gbọ́n obìnrin tí ó wọ agbo. Nínú ìdíje gidi, obìnrin kì í gun agbo súmò. Ní 2018, ní ìlú Maizuru, olórí ìlú ṣubú lulẹ̀ nínú agbo, àwọn obìnrin sì sáré gòkè láti dóòlà rẹ̀. Wọ́n fi ẹ̀rọ gbohùngbohùn pàṣẹ pé kí wọ́n sọ̀ kalẹ̀, alága ẹgbẹ́ súmò sì tọrọ àforíjì lẹ́yìn náà. Ọ̀rọ̀ ńlá nìyẹn, ṣùgbọ́n àròkọ aláríyànjiyàn ni ó ni ín. Fi í pamọ́ fún ọjọ́ tí wọ́n bá bi ọ́.

IṢẸ́ ṢÍṢE

Yan eré kan tí o ti bá àwọn ẹlòmíràn ṣe ní àdúgbò tí kì í ṣe tìrẹ, ìbáà jẹ́ ayò tàbí òkòtó. Kọ òfin rẹ̀ sílẹ̀ ní ìlà mẹ́rin. Lẹ́yìn náà, kọ ìpínrọ̀ kan ṣoṣo lórí ìgbà tí wọ́n dá ọ, tàbí tí wọ́n jẹ ọ́.