Kámẹ́rà ní Tokyo

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ọjọ́ márùn-ún péré ni mo máa lò ní Tokyo nínú oṣù Okúdù. Ibo ni kí n gbé kámẹ́rà lọ?

Ìdáhùn: Àbúrò mi, má lé gbogbo ìlú kiri. Jí lọ sí Asakusa ní kùtùkùtù, kí èrò tó dé tẹ́ńpìlì Sensoji. Àwọn ìsọ̀ ojú ọ̀nà ibẹ̀ á ṣì wà ní títì, àwòrán aláràbarà sì wà lára ilẹ̀kùn wọn tí ẹni tó bá pẹ́ dé kò ní rí.

Ọ̀fẹ́ ni gígun àjà 45 ilé ìjọba ìlú náà ní Shinjuku, àmọ́ wọn ò gba igi ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta láyè. Fi aṣọ dúdú yí ojú kámẹ́rà ká, kí o fi ti gíláàsì, kí iná inú ilé má bàa hàn nínú àwòrán.

Àsìkò òjò wọn ni Okúdù. Má banú jẹ́ o! Èmi gan-an, òjò ni mo fẹ́ràn jù. Lọ dúró ní ìkóríta Shibuya lálẹ́: agboòrùn tó mọ́ gaara bí omi ló pọ̀ lọ́wọ́ àwọn èrò ibẹ̀, iná pátákó ìpolówó á máa tàn gba inú rẹ̀ kọjá, á tún hàn lórí ọ̀dà títì tó tutù. Fi ọ̀rá bo kámẹ́rà rẹ. Ní ọ̀nà tóóró Golden Gai, àdúgbò ilé ọtí ní Shinjuku, tọrọ àyè kí o tó ya ẹnikẹ́ni.