Lẹbẹ Ẹja àti Iṣẹ́ Rẹ̀

Ẹ̀kọ́ tí a mú wá fún yín lónìí kò jìnnà sí ilé rárá. Ìdí ààrò gan-an ni a ti lè kọ́ ọ. Ẹ̀kọ́ nípa lẹbẹ ẹja ni.

Bí a bá ra ẹja tútù dé ilé, a ó ha ìpẹ́ rẹ̀, a ó fa ìfun rẹ̀ yọ, a ó sì gé lẹbẹ rẹ̀ dànù. Ta ni ó tún ń wo lẹbẹ lẹ́ẹ̀mejì? Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá mọ lẹbẹ wò, yóò mọ bí ẹja ṣe ń rìn nínú omi. Yóò mọ ibi tí kò yẹ kí ó fi ọwọ́ gbá mú. Bí ó bá sì jẹ́ ẹni tí ń sin ẹja, yóò tètè mọ ìgbà tí nǹkan kò dára nínú adágún rẹ̀, kí owó rẹ̀ tó bá omi lọ.

1. Kí ni lẹbẹ?

Ẹ rántí bí agboòrùn ṣe rí. Ó ní irin tẹ́ẹ́rẹ́tẹ́ẹ́rẹ́, ó sì ní aṣọ tí a nà lé irin náà lórí. Bí a bá ṣí i, aṣọ náà yóò nà. Bí a bá pa á dé, yóò ká jọ. Bẹ́ẹ̀ náà ni lẹbẹ ẹja. Egungun tẹ́ẹ́rẹ́ ni irin rẹ̀, awọ fẹ́lẹ́ sì ni aṣọ rẹ̀. Iṣan kéékèèké wà ní ìdí àwọn egungun náà. Iṣan wọ̀nyí ni ẹja fi ń na lẹbẹ rẹ̀, òun náà ni ó fi ń ká a.

Oríṣi egungun méjì ni ó wà nínú lẹbẹ. Ọ̀kan rọ̀, ó ṣeé tẹ̀, orí rẹ̀ a sì máa là bí ẹ̀ka igi. Èkejì le, orí rẹ̀ mú ṣóńṣó bí abẹ́rẹ́. Èyí tí ó le yìí ni a ń pè ní ẹ̀gún ẹja. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi ọ̀rọ̀ ẹ̀gún yìí sọ́kàn. A óò padà sí i láìpẹ́.

2. Lẹbẹ mélòó ni ẹja ní?

Bí ẹ bá rí ẹja ẹpìyà rà, ẹ gbé e sórí àwo, kí a jọ kà á.

Lẹbẹ ẹ̀yìn: ọ̀kan. Ó gùn láti ẹ̀yìn orí títí fẹ́rẹ̀ẹ́ dé ìrù.
Lẹbẹ ìrù: ọ̀kan.
Lẹbẹ abẹ́ ìrù: ọ̀kan. Ó wà nísàlẹ̀, láàárín ihò ìdí ẹja àti ìrù rẹ̀.
Lẹbẹ ẹ̀gbẹ́: méjì. Ọ̀kan wà lápá ọ̀tún, ọ̀kan lápá òsì, lẹ́yìn ibi tí ẹja fi ń mí.
Lẹbẹ ikùn: méjì. Wọ́n wà nísàlẹ̀ ikùn, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn.

Ẹ ṣírò rẹ̀. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ 7. Bí ẹ bá rí 6, ẹ tún un kà. Ó ṣeé ṣe kí ọ̀kan ti ká mọ́ ara ẹja.

Ẹ wá wo lẹbẹ ẹ̀yìn ẹpìyà yìí dáadáa. Apá iwájú rẹ̀ ní ẹ̀gún, apá ẹ̀yìn rẹ̀ rọ̀. Lára irú ẹpìyà tí ọ̀pọ̀ àgbẹ̀ ń sìn, ẹ̀gún ẹ̀yìn yìí lè tó 15 títí dé 18. Ẹ̀gún 3 tún wà lára lẹbẹ abẹ́ ìrù. Bẹ́ẹ̀ ni ìlà ròóròó wà lórí lẹbẹ ìrù rẹ̀ láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ìlà yìí ni ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ń dá irú ẹpìyà náà mọ̀ láàárín àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀.

3. Iṣẹ́ lẹbẹ kọ̀ọ̀kan

Ìrù ni àjẹ̀ ńlá. Ẹja a máa fi ara rẹ̀ àti ìrù rẹ̀ gbá omi sọ́tùn-ún àti sósì. Omi tí ó gbá sẹ́yìn ni ó ń tì í síwájú.

Lẹbẹ ẹ̀yìn àti lẹbẹ abẹ́ ìrù ni kì í jẹ́ kí ẹja yí sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ẹ mọ ìyẹ́ tí ọdẹ ń fi sí ìdí ọfà. Kí ni ó wà fún? Kí ọfà lè lọ tààrà ni. Iṣẹ́ tí lẹbẹ méjì yìí ń ṣe nìyẹn.

Lẹbẹ ẹ̀gbẹ́ méjèèjì ni ẹja fi ń yà, òun ni ó sì fi ń dúró. Bí ẹja bá fẹ́ dúró lójijì, yóò na méjèèjì síta lẹ́ẹ̀kan náà, bí ọlọ́kọ̀ tí ó ti àjẹ̀ bọ omi láti dá ọkọ̀ dúró. Lẹbẹ ikùn ń ràn án lọ́wọ́ kí ó lè dúró déédéé, kí ó sì lè lọ sókè tàbí sísàlẹ̀.

Ṣé ẹ rí i báyìí? Kò sí ọ̀kan tí ó wà fún ẹwà lásán.

4. Bí ẹja ṣe ń gbé ni lẹbẹ rẹ̀ ṣe rí

Ẹ jẹ́ kí a wo ẹja àrọ̀. Òun náà ní lẹbẹ 7, ṣùgbọ́n lẹbẹ ẹ̀yìn rẹ̀ gùn gbọọrọ, ó sì rọ̀, kò ní ẹ̀gún. Ibo wá ni ẹ̀gún rẹ̀ wà? Ó wà lára lẹbẹ ẹ̀gbẹ́, ọ̀kan lọ́tùn-ún, ọ̀kan lósì. Ní àsìkò òjò, àrọ̀ lè kúrò nínú omi kan kí ó wọ́ lórí ilẹ̀ tútù lọ sínú òmíràn. Ẹ̀gún méjì yìí ni ó ń fi ti ilẹ̀ bí ẹni ń ti ọ̀pá, tí ó sì ń yí ara rẹ̀ lọ. Àrọ̀ ní ohun kan lókè ibi tí ó fi ń mí nínú omi, èyí tí ó ń jẹ́ kí ó lè mí afẹ́fẹ́ òkè. Ìdí nìyẹn tí kò fi tètè kú nínú abọ́ ẹlẹ́ja.

Ẹja kan tún wà nínú odò Ọya àti àwọn odò mìíràn ní ilẹ̀ Áfíríkà, tí àwọn onímọ̀ ń pè ní Gymnarchus. Ìrù rẹ̀ tín-ínrín bí ìrù eku. Kò ní lẹbẹ ìrù, kò ní lẹbẹ ikùn, kò sì ní lẹbẹ abẹ́ ìrù. Lẹbẹ ẹ̀yìn rẹ̀ tí ó gùn ni ó fi ń rìn. Yóò mú kí ó máa jó bí ìgbì láti orí dé ìdí, ara rẹ̀ yóò sì nà gbọnrangandan. Bí ó bá yí ìgbì náà padà, yóò máa fi ẹ̀yìn rìn láìyíjú. Ní ọdún 1951, Hans Lissmann, onímọ̀ ní Yunifásítì Cambridge ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kọ ọ́ jáde pé ẹja yìí ń tú iná mànàmáná kékeré jáde láti ìrù rẹ̀ láìdáwọ́ dúró. Iná yìí ni ó fi ń mọ ohun tí ó wà ní àyíká rẹ̀ nínú òkùnkùn àti omi dídọ̀tí.

Nínú òkun, ẹja ekurá ní lẹbẹ líle tí kò ṣeé ká bí ti ẹpìyà. Ẹpìyà ní àpò afẹ́fẹ́ nínú ikùn tí ń mú un léfòó. Ekurá kò ní i. Nígbà tí ó bá ń lọ, lẹbẹ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ a máa gbé e sókè bí apá bàálù. Nítorí owó tí wọ́n ń pa lórí lẹbẹ yìí fún ọbẹ̀ ní àwọn ilẹ̀ Éṣíà, àwọn apẹja kan a máa gé lẹbẹ ekurá, kí wọ́n sì ju ìyókù rẹ̀ padà sínú òkun láàyè. Kò lè wẹ̀ mọ́. Yóò rì, yóò sì kú. Ní oṣù kẹta ọdún 2013, níbi ìpàdé kan ní Bangkok, ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè fi ohùn ṣọ̀kan pé kí a máa ṣọ́ òwò irú ekurá 5 kan láàárín ilẹ̀ kan sí èkejì, kí wọ́n má bàa run.

Àbùùbùtán ńkọ́? Ó ń gbé inú òkun, ó sì ní ohun tí ó jọ lẹbẹ, ṣùgbọ́n kì í ṣe ẹja. Ó ń fún ọmọ rẹ̀ lọ́mú, ó sì gbọ́dọ̀ wá sókè omi láti mí. Ẹ wo ìrù rẹ̀. Ìrù ẹja dúró lóòró, ó ń lọ sọ́tùn-ún sósì. Ìrù àbùùbùtán tẹ́ pẹrẹsẹ, ó ń lọ sókè sódò. Bí a bá sì la lẹbẹ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ wò, egungun apá àti ti ìka ni a óò bá níbẹ̀, bí ó ti rí nínú ọwọ́ tiwa.

5. Ẹ ṣọ́ra fún ẹ̀gún

Ẹ̀yin ìyá ẹlẹ́ja, ẹ̀yin apẹja, ọ̀dọ̀ yín ni ọ̀rọ̀ yìí wà. Ẹja ọbọ̀kún ní ẹ̀gún líle 3. Ọ̀kan wà lẹ́yìn rẹ̀, ọ̀kọ̀ọ̀kan wà ní ẹ̀gbẹ́ méjèèjì. Bí ẹ̀rù bá bà á, yóò na mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, yóò sì tì wọ́n pa bí ẹni ti ìlẹ̀kùn, kí ẹranko tí ó fẹ́ gbé e mì má lè gbé e mì. Bí ẹ bá fi ipá tẹ̀ ẹ́, kò ní ká. Ọwọ́ yín ni yóò wọ̀. Bí ẹja náà bá tilẹ̀ ti kú, ẹ̀gún rẹ̀ kò kú o.

Nítorí náà, ẹ fi aṣọ tí ó nípọn di ẹja náà mú. Kí ẹ tó fọ̀ ọ́, ẹ kọ́kọ́ gé ẹ̀gún mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kúrò. Ẹ má ṣe jù wọ́n sílẹ̀ níbi tí àwọn ọmọdé ń fi ẹsẹ̀ lásán rìn.

Bí ẹ̀gún bá gún ènìyàn, ohun tí a ó ṣe nìyí:

Ìkíní: Bí ẹ̀gún náà bá kéré, tí ó sì rọrùn láti yọ, ẹ yọ ọ́. Bí ó bá wọlé jinlẹ̀, tàbí tí ó wọ ojú, ọrùn, àyà tàbí ikùn, ẹ má fà á. Ilé ìwòsàn ni kí ẹ gbà lọ.
Ìkejì: Ẹ fi ọṣẹ àti omi mímọ́ fọ ojú ọgbẹ́.
Ìkẹta: Ẹ ki ọwọ́ náà bọ omi gbígbóná tí ara lè gbà, fún ìṣẹ́jú 30 ó kéré tán. Ọwọ́ tí kò ní ọgbẹ́ ni kí ẹ kọ́kọ́ fi dán omi náà wò, kí ó má bàa bó yín. Èyí ń dín oró kù.
Ìkẹrin: Ẹ lọ sí ilé ìwòsàn, kí ẹ sì bèèrè abẹ́rẹ́ tẹ́tánọ́ọ̀sì, àrùn tí ń mú kí ẹ̀rẹ̀kẹ́ ènìyàn le gbagidi. Bí ọwọ́ bá wú, tí ó bá ṣe ọyún, tàbí tí ẹ bá rò pé ẹ̀gún kán sínú rẹ̀, ẹ má ṣe jẹ́ kí ilẹ̀ ọjọ́ náà ṣú.

Ẹ má fi epo òyìnbó tàbí eérú sí ojú ọgbẹ́. Ọwọ́ ni olówò fi ń jẹun. Kò yẹ kí a fi ẹ̀gún ẹja ṣe eré.

6. Ẹ wo lẹbẹ kí ẹ mọ ìlera ẹja

Ẹja tí ara rẹ̀ le, lẹbẹ rẹ̀ a máa nà dáadáa, etí rẹ̀ a sì pé. Bí ẹ bá rí ẹja tí etí lẹbẹ rẹ̀ ya bí etí aṣọ gbígbó, tí ó funfun tàbí tí ó pọ́n, tàbí ẹja tí ó ká lẹbẹ mọ́ra tí kò nà án, nǹkan ti dé nìyẹn. Ní ọ̀pọ̀ ìgbà, omi ni ó dọ̀tí, tàbí oúnjẹ àjẹkù ń jẹrà nísàlẹ̀, tàbí ẹja ti pọ̀ jù níbẹ̀.

Ti àrọ̀ tún ní ọ̀nà mìíràn. Àrọ̀ ńlá a máa bu kékeré jẹ. Bí lẹbẹ àwọn kéékèèké bá ya, ó lè jẹ́ eyín àwọn ẹ̀gbọ́n wọn ni. Ẹ ṣa wọ́n sọ́tọ̀, ńlá pẹ̀lú ńlá, kékeré pẹ̀lú kékeré.

Ẹ pààrọ̀ omi, ẹ kó àjẹkù kúrò, ẹ dín iye ẹja kù. Ẹ má ṣe da oògùn sí omi láìbi òṣìṣẹ́ tí ń rí sí ọ̀ràn ẹja léèrè. Bí ìdí lẹbẹ kò bá tíì bàjẹ́, ó lè tún hù padà. Ṣùgbọ́n ìgbà tí ẹja bá ṣì tutù ni a ń ká a. Ẹni tí ó bá dúró títí ìdajì adágún fi kú, ó ti pẹ́ jù.

Ìbéèrè

Ẹ kọ ìdáhùn yín sínú ìwé.

1. Lẹbẹ mélòó ni ẹpìyà ní? Ẹ kọ orúkọ wọn.
2. Lẹbẹ wo ni ẹja fi ń dúró lójijì?
3. Báwo ni a ṣe lè fi ìrù mọ ìyàtọ̀ láàárín ẹja àti àbùùbùtán?
4. Níbo ni ẹ̀gún ọbọ̀kún wà? Kí ni a ó ṣe bí ó bá gún ènìyàn?
5. Ẹ wo ẹja kan ní ọjà tàbí ní ilé. Ẹ kọ ìlà mẹ́ta nípa lẹbẹ rẹ̀, kí ẹ sì kà á sókè fún ará ilé yín.