Ọ̀nà Kan Kò Wọ Ọjà

Àwọn àgbà ní ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Òwe yìí ni mo fẹ́ kí àwọn tọkọtaya tó ń ṣiṣẹ́ ní iléeṣẹ́ ńláńlá Ìkẹjà, tí wọ́n fi Agége ṣe ibùgbé, gbé yẹ̀wò kí wọ́n tó sọ pé ìfètòsọ́mọbíbí kò bá àwọn lára mu. Òwe mìíràn ni àwọn èèyàn sábà máa ń sọ sí wọn létí: ọmọ bẹẹrẹ, òṣì bẹẹrẹ. Òótọ́ wà nínú rẹ̀, àmọ́ n kò fẹ́ kí a máa fi í bú ìyá ọlọ́mọ púpọ̀. Ẹni tí ojú ń tì kì í lè béèrè ọ̀rọ̀.

Ẹ wo iṣẹ́ Màmá Grace Ebun Delano, nọ́ọ̀sì àti agbẹ̀bí tí wọ́n bí ní 1935. Ní 1980, Màmá àti Ọ̀jọ̀gbọ́n Oladapo Ladipo pẹ̀lú àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn ní ilé ìwòsàn UCH n'Íbàdàn bẹ̀rẹ̀ ìwádìí kan ní àwọn abúlé ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́. Yunifásítì Columbia ní Amẹ́ríkà bá wọn dá sí i. Wọn kò jókòó sí ilé ìwòsàn kí ìyá abúlé wá bá wọn. Àwọn agbẹ̀bí ìbílẹ̀ àti ará abúlé tó yọ̀ǹda ara wọn ni wọ́n kọ́ níṣẹ́. Àwọn yìí ló ń fún ará àdúgbò ní oògùn ibà, àwọn náà ló ń fún wọn ní ohun ìfètòsọ́mọbíbí. Ọgbọ́n ńlá ni mo ka èyí sí: ẹni tó bá yín wo ibà ọmọ yín sàn, ẹ ò ní tijú láti bi í ní ọ̀rọ̀ àárín lọ́kọláya. Ní 1989 ni Màmá Delano àti Ọ̀jọ̀gbọ́n Ladipo dá ARFH, ẹgbẹ́ tó ń rí sí ìlera ìbímọ àti ti ìdílé, sílẹ̀ n'Íbàdàn. Ní 1993, Àjọ Ìlera Àgbáyé fún Màmá ní ẹ̀bùn Sasakawa.

Àlàfo láàárín ọmọ kì í sì í ṣe àjèjì sí wa. Ìyá Yorùbá ayé àtijọ́ kì í bá ọkọ sùn títí ọmọ yóò fi já lẹ́nu ọmú, ìyẹn sì lè tó ọdún méjì tàbí mẹ́ta. Agboolé ńlá ló jẹ́ kó ṣeé ṣe. Yàrá kan ṣoṣo l'Ágége kò fúnni ní irú àyè bẹ́ẹ̀.

Nítorí náà, ẹ wá ọ̀nà tó bá ìgbé ayé yín mu. Ẹni tó ń ṣiṣẹ́ alẹ́ lọ́sẹ̀ yìí, tí yóò bọ́ sí ti àárọ̀ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, lè tètè gbàgbé oògùn oníhóró tí a ń lò lójoojúmọ́. Abẹ́rẹ́ olóṣù mẹ́ta lè rọ̀ ọ́ lọ́rùn jù, tàbí ohun ìfètòsọ́mọbíbí tí wọ́n ń fi sábẹ́ awọ apá, tó ń ṣiṣẹ́ fún ọdún mẹ́ta sí márùn-ún. Abẹ́rẹ́ kì í sọ obìnrin di àgàn, ṣùgbọ́n ó lè gba oṣù mélòó kan lẹ́yìn tí ẹ bá ti dáwọ́ rẹ̀ dúró kí oyún tó dé. Bí ẹ bá fẹ́ bímọ láìpẹ́, ẹ sọ fún nọ́ọ̀sì. Bí ẹ bá ń fún ọmọ lọ́mú, tàbí tí ẹ bá ní ẹ̀jẹ̀ ríru, ẹ sọ ìyẹn náà, torí àwọn oògùn oníhóró kan wà tí kò yẹ yín. Rọ́bà ìdáàbòbò nìkan ló tún ń gbà yín lọ́wọ́ àrùn ìbálòpọ̀. Ẹ má kàn lọ sí kẹ́míìsì ra èyí tí ọ̀rẹ́ yín lò. Ara kò dọ́gba.

Láti 2011 ni ìjọba àpapọ̀ ti ní kí wọ́n máa fúnni ní àwọn nǹkan wọ̀nyí lọ́fẹ̀ẹ́ ní ilé ìwòsàn ìjọba. Ẹ̀yin ọkọ, ẹ má dá ìyàwó yín nìkan lọ. Lọ́jọ́ tí àyè bá yọ lẹ́nu iṣẹ́, ẹ jọ lọ rí nọ́ọ̀sì.