Ìfẹ̀mídípò Nínú Fíìmù Der müde Tod

Ní Ọjọ́ta ni mo ti wọkọ̀ lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ ń lọ sí yunifásítì. Kí ọkọ̀ tó gbéra, ìyá arúgbó kan gbàdúrà pé kí á má rìn lọ́jọ́ tí ebi ń pa ọ̀nà. Gbogbo èrò ṣe àmín. Àdúrà yìí ni mo rántí nígbà tí mo wo fíìmù àwọn ará Jámánì kan, Der müde Tod, tí ó túmọ̀ sí 'Ikú Tí Àárẹ̀ Mú'.

Fritz Lang ni ó darí fíìmù náà. Òun àti Thea von Harbou ni ó kọ ìtàn rẹ̀. Ọdún 1921 ni wọ́n kọ́kọ́ fi hàn ní Berlin. Fíìmù tí kò ní ohùn ni. Kíkà ni à ń ka ọ̀rọ̀ inú rẹ̀. Àlá tí Lang lá nígbà tí ibà ń ṣe é ní kékeré wà lára ohun tí ó bí ìtàn náà, pẹ̀lú ìtàn ìwáṣẹ̀ Savitri ti ilẹ̀ Íńdíà, obìnrin tí ó gba ọkọ rẹ̀ padà lọ́wọ́ ikú.

Ní oríta ni Ikú ti wọ ọkọ̀ tí ọmọbìnrin kan àti àfẹ́sọ́nà rẹ̀ wà. Kò pẹ́ tí ó fi mú ọkùnrin náà lọ. Ọmọbìnrin yìí tọ Ikú lọ. Ikú fi àbẹ́là mẹ́ta tí ó ń kú lọ hàn án: ẹ̀mí ènìyàn mẹ́ta ni. Bí ó bá gba ọ̀kan ṣoṣo là, yóò gba olólùfẹ́ rẹ̀. Ẹ ó rí i pé ìhun àlọ́ ni èyí. Ó gbìyànjú ní ìlú àwọn Mùsùlùmí, ní Venice àti ní Ṣáínà. Àbẹ́là mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kú. Ikú inú fíìmù yìí kò dàbí ajogun tiwa tí ń gbé kùmọ̀ kiri. Òjíṣẹ́ ni, iṣẹ́ rẹ̀ sì ti sú u.

Ó wá fún un ní wákàtí kan láti wá ẹ̀mí mìíràn dípò. Àwọn arúgbó àti alágbe kọ̀. Iná sọ, ọmọ ọwọ́ kan há sínú ilé. Ọmọbìnrin náà gbé e, Ikú sì na ọwọ́ láti gbà á. Ó kọ̀. Ó dá ọmọ padà fún ìyá rẹ̀, ó sì fi ara rẹ̀ lélẹ̀.

Níhìn-ín ni ọkàn mi ti lọ sọ́dọ̀ Mọrèmi, tí ó fi Olúorogbo, ọmọ rẹ̀, san ẹ̀jẹ́ nítorí Ifẹ̀. À ń bú ẹni tí ó fi ẹ̀mí ẹlòmíràn ṣowó nínú sinimá wa. À ń yin Mọrèmi nítorí pé ti ìlú ni ó ṣe. Èmi náà ń yìn ín. Ṣùgbọ́n ta ni ó bi Olúorogbo léèrè? Ní tèmi, ẹ̀mí kan ṣoṣo ni ó tọ́ kí ènìyàn fi tọrẹ: ti ara rẹ̀. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ ẹlẹgbẹ́ mi àti ẹ̀yin olùkọ́ wa, kí ni ẹ rí sí i?