Kílípà Kò Gbọdọ̀ Gbé Ẹ̀jẹ̀ Ẹnì Kan Fún Ẹlòmíràn

O ti gba òmìnira lọ́wọ́ ọ̀gá. Wọ́n ti gbàdúrà fún ọ, àlejò ti jẹ ìrẹsì, o sì ti rí ṣọ́ọ̀bù kékeré kan sétí títì. Ohun tí ọ̀pọ̀ yín máa ń kọ́kọ́ náwó lé ni àga tó ń gòkè tó ń sọ̀ kalẹ̀, tẹlifíṣọ̀n ńlá tí wọn yóò máa fi wo bọ́ọ̀lù, àti iná aláwọ̀ mèremère. Owó tó bá ṣẹ́ kù ni ẹ fi ń ra kílípà. Mo lòdì sí i. Kò sí oníbàárà tí tẹlifíṣọ̀n rẹ máa gé létí. Irinṣẹ́ tó ń kan orí ni kí o tọ́jú kí o tó kan ohun tí ojú ń wò.

NÍGBÀ TÍ O BÁ Ń RAJÀ

Ṣe: Ra kílípà méjì, ó kéré tán. Ńlá fún kíkó irun. Kékeré, èyí tí ẹnu rẹ̀ dà bíi lẹ́tà T, fún kááfìn iwájú orí, ẹ̀bá etí àti irùngbọ̀n. Ẹni tó ń fi ẹyọ kan ṣoṣo ṣe gbogbo rẹ̀ yóò máa sún eyín rẹ̀ síwá sẹ́yìn títí yóò fi bà á jẹ́.

Má ṣe: Gba orúkọ ara páálí gbọ́ láìwádìí. Ọdún 1919 ni Leo Wahl tọrọ ìwé ẹ̀tọ́ lórí kílípà oníná rẹ̀ ní ìlú Sterling, ìpínlẹ̀ Illinois. Ní 1922 ni Mathew Andis dá ilé-iṣẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀ ní Racine, Wisconsin. Ó ti lé lọ́gọ́rùn-ún ọdún tí orúkọ méjèèjì ti ń tajà, ìdí rèé tí àwọn oníjìbìtì fi ń lẹ̀ wọ́n mọ́ ayédèrú. Gbé e sọ́wọ́. Ojúlówó kílípà onímágínẹ́ẹ̀tì máa ń wúwo, torí wáyà kọ́pà àti irin ló kún inú rẹ̀. Ka ohun tí wọ́n kọ sídìí rẹ̀, kí o sì tàn án lójú ẹni tó ń tà á kí o tó sanwó.

Má ṣe: Ki kílípà tí wọ́n rà wá láti Amẹ́ríkà bọ iná ilé wa. Iná 120 fóòtì ni wọ́n ṣe é fún, tiwa sì wà láàárín 230 sí 240. Èéfín ni yóò kọ́kọ́ dá ọ lóhùn. Ẹ̀gbọ́n tó gbé e wá yóò ní, "Ṣebí tàràńsífọ́mà kékeré la máa rà." Òótọ́ ni, àmọ́ ààbọ̀ òótọ́ ni. Iná Amẹ́ríkà ń yí nígbà 60 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, tiwa ń yí nígbà 50. Nínú yíyí kọ̀ọ̀kan, mágínẹ́ẹ̀tì inú kílípà ń fa irin rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Nípa bẹ́ẹ̀, eyín kílípà ń lọ tó ń bọ̀ nígbà 120 lọ́hùn-ún, nígbà 100 níbí, bẹ́ẹ̀ 120 ni wọ́n fi wọn sípíríǹgì inú rẹ̀. Tàràńsífọ́mà ń dín fóòtì kù ni, kò lè sọ 50 di 60. Ohun tí wàá rí ni kílípà tó ń ráhùn, tó ń gbóná, tí kò sì lágbára, tó ń fa irun tu dípò kó gẹ̀ ẹ́. Oníbàárà yóò máa fa orí sẹ́yìn, ìwọ náà yóò máa sọ pé irun rẹ̀ ló le.

Ṣe: Wá èyí tí wọ́n kọ 220–240V, 50Hz sí lára. Tàbí kí o ra oníbátìrì tí ṣájà rẹ̀ gba 100 títí dé 240 fóòtì. Ìyẹn ò bìkítà bí iná ṣe ń yí, torí inú bátìrì ló ti ń jẹun. Níbi tí iná ti ń lọ nígbà tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ gẹ apá kan orí, irú rẹ̀ kan tó ti gba agbára gbọ́dọ̀ wà nílẹ̀ nígbà gbogbo. Kò sóhun tó burú tó kí ọkùnrin gbá fìlà mọ́rí lọ sílé láti lọ retí iná.

Ṣe: Máa fetí sí kílípà rẹ. Sìkúrúù kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ onímágínẹ́ẹ̀tì. Bó bá ń pariwo gá-gá-gá, yí i sọ́wọ́ òsì díẹ̀díẹ̀ títí ariwo náà yóò fi lọ, kó ku ìkùn kan ṣoṣo tó dọ́gba. Ṣùgbọ́n bó bá jẹ́ ìgbà tí o gbé e sórí jẹnẹrétọ̀ ni ohùn rẹ̀ yí padà, jẹnẹrétọ̀ ló ń sáré jù tàbí tó ń fà sẹ́yìn. Má fọwọ́ kan sìkúrúù, pe onímẹkáníìkì.

EYÍN KÍLÍPÀ

Ṣe: Fi búrọ́ọ̀ṣì gbọn irun kúrò lẹ́yìn orí kọ̀ọ̀kan. Kì í ṣe lálẹ́ nìkan. Irun tó há sáàárín eyín òkè àti tìsàlẹ̀ ló ń mú kó gbóná, òun náà ló sì ń sọ ẹnu rẹ̀ di kíkú.

Ṣe: Ta epo sí i bó ti yẹ. Tan kílípà, dorí eyín rẹ̀ kodò, kán epo kílípà ẹ̀kán méjì tàbí mẹ́ta sí i, jẹ́ kó sáré díẹ̀, kí o wá fi aṣọ mímọ́ nu èyí tó kù. Ẹ̀yìn ìgbà tí o bá fi sípíríìtì nù ún ni èyí ṣe pàtàkì jù, torí sípíríìtì a máa wọ́ epo lọ.

Má ṣe: Fi òróró ìdáná, àdín tàbí ìpara sí i. Gbogbo wọn ń dì mọ́ ọn ni, wọ́n á sì so irun mọ́ eyín. Epo ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ nípọn jù. Bí epo kílípà bá tán lójijì, epo fífúyẹ́ ti maṣín-ìránṣọ lè gbà ọ́ di ọ̀la.

Ṣe: Wo eyín méjèèjì láti ẹ̀gbẹ́, ní ibi tí ìmọ́lẹ̀ wà. Eyín òkè tó ń rìn gbọ́dọ̀ fi díẹ̀ wà lẹ́yìn tìsàlẹ̀ tó dúró, tó nǹkan bí ìnípọn káàdì báńkì. Ìsàlẹ̀ ló ń ti awọ ara sẹ́yìn. Òkè ló ń gé. Bí òkè bá yọ síwájú ju ìsàlẹ̀ lọ, awọ orí ni yóò gé.

Má ṣe: Sún wọn dọ́gba tán nítorí kí kááfìn lè mú bí ẹni fi rúlà fà á. Mo mọ̀ pé àwọn ọ̀dọ́ fẹ́ràn rẹ̀, mo sì mọ̀ pé ó ń mówó wọlé. Bí o bá máa sún un, fi sára inú apá tìrẹ kọ́kọ́ dán an wò. Bó bá ta ọ́, kì í ṣe iwájú orí ọmọ ọlọ́mọ ló kàn.

Má ṣe: Lo kílípà tó já bọ́ tí eyín rẹ̀ kan sì kán. Eyín kan ṣoṣo ti tó láti fa ilà pupa láti etí dé ìpàkọ́.

ẸNU ABẸ ÀTI Ọ̀RỌ̀ Ẹ̀JẸ̀

Ibí gan-an ni mo ń bọ̀. Gbogbo ènìyàn ló ń bẹ̀rù HIV, kò sì burú. Àmọ́ èyí tó yẹ kó kọ́kọ́ já agẹrun láyà ni àrùn mẹ́dọ̀wú irú B, tó ń ba ẹ̀dọ̀ jẹ́. Ẹ̀jẹ̀ gbígbẹ tí ojú kò rí lè gbé kòkòrò rẹ̀ láàyè fún ọjọ́ méje, ó kéré tán. Ẹni tó gẹrun lọ́jọ́ Sátidé lè fi í sílẹ̀ de ẹni tó ń bọ̀ lọ́jọ́rú.

Ṣe: Réésà kan, orí kan. Tú u nínú bébà rẹ̀ lójú oníbàárà, kó rí i. Àwọn onígbàjámọ̀ àtijọ́ tó ń gbé àpò kiri ní abẹ kan àti òkúta tí wọ́n fi ń pọ́n ọn, abẹ kan náà ni wọ́n sì fi ń fá orí bàbá, ti ọmọ àti ti ará ilé kejì. A kì í bá wọn jà, ohun tí ìgbà wọn mọ̀ ni wọ́n ṣe. Lónìí, abẹ tó ń gba ààbọ̀ réésà tuntun wà lọ́jà, kò wọ́n.

Má ṣe: Ju réésà tí o lò sínú irun tó wà nílẹ̀. Ọmọ tí ń gbálẹ̀ ni yóò fọwọ́ bá a, tàbí ẹni tó ń kó ìdọ̀tí. Wá agolo mílíìkì, lu ihò tóóró sórí ìdérí rẹ̀, kí o máa sọ ọ́ síbẹ̀.

Ṣe: Fọ ìdọ̀tí kúrò kí o tó pa kòkòrò. Irun àti epo ń bo kòkòrò mọ́lẹ̀, oògùn kò ní dé ọ̀dọ̀ wọn. Gáàdì àti kọ́ọ̀mù ṣeé fi ọṣẹ àti omi fọ̀. Eyín kílípà, búrọ́ọ̀ṣì lo máa fi gbọ̀n ọ́n. Ẹ̀yìn náà ni sípíríìtì tó kàn.

Má ṣe: Fi sípíríìtì kàn án fẹ̀rẹ̀ kí o sì nù ún kúrò lójú ẹsẹ̀. Jẹ́ kó tutù lára irin fún ìṣẹ́jú bíi mélòó kan, kó fúnra rẹ̀ gbẹ. Kí oníbàárà má baà máa bínú pé o ń fi àkókò òun ṣòfò ni ìdí mìíràn tí mo fi ní kí o ra ju ẹyọ kan lọ: ọ̀kan ń sinmi, èkejì ń ṣiṣẹ́. Sípíríìtì 70 nínú ọgọ́rùn-ún sì ń pa kòkòrò ju èyí tó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ ògidì lọ. Omi inú rẹ̀ ni kì í jẹ́ kó tètè fò lọ, òun ló sì ń bá a wọnú kòkòrò.

Má ṣe: Fi iná ṣeré. Ẹ ti rí wọn: wọ́n á wọ́n sípíríìtì sí eyín, wọ́n á ṣáná sí i, iná búlúù á sọ bùlà, àwọn ọmọdé á pàtẹ́wọ́. Sípíríìtì nìkan ló jó. Irin kò gbóná pẹ́ tó láti pa ohunkóhun tán. Gáàdì oníke ló máa yọ́, aṣọ ọ̀rá tó wà lọ́rùn oníbàárà sì wà nítòsí.

Ṣe: Bí ẹ̀jẹ̀ bá jáde, gbé kílípà yẹn sẹ́gbẹ̀ẹ́. Kò gbọdọ̀ kan orí kejì títí o fi tú eyín rẹ̀, fọ̀ ọ́, rẹ ẹ́ sínú oògùn apakòkòrò, tí o sì ta epo sí i padà. Fi òwú mímọ́ tẹ ojú ọgbẹ́ náà, kí o sì bẹ̀ ẹ́. Má lọ mú òkúta álọ́ọ̀mù tí gbogbo àdúgbò ti fi pa àgbọ̀n wá.

Ṣe: Gba abẹ́rẹ́ àjẹsára mẹ́dọ̀wú B. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni àgbàlagbà sábà ń gbà á láàárín oṣù mẹ́fà. Ìwọ ni ẹ̀jẹ̀ gbogbo ayé ń bá pàdé.

Má ṣe: Lo fóòmù pàúdà kan náà fún ọrùn gbogbo ènìyàn. Bí mo bá ní àṣẹ, gbogbo fóòmù ràkọ̀ràkọ̀ inú àwọn ṣọ́ọ̀bù wa ni màá dáná sun. Búrọ́ọ̀ṣì tó ṣeé fọ̀ ni kí o lò, kí o sì fi tíṣù sáàárín ọrùn àti aṣọ ìborùn.

Má ṣe: Bojú jẹ́ nítorí oníbàárà gbé kílípà tirẹ̀ wá. Fọ tirẹ̀ náà bí o ti ń fọ tìrẹ, kí o má sì fi ojú fo ọ̀rọ̀ yìí: a kì í yọ kílípà oníkílípà nínú àpò láti fi gẹrun ẹlòmíràn, kódà bí iná bá lọ.

ORÍ ÈNÌYÀN, ÈNÌYÀN NÁÀ SÌ WÀ LÁBẸ́ RẸ̀

Ṣe: Béèrè kí o tó gbé kílípà sókè. A kì í fárí lẹ́yìn olórí, bẹ́ẹ̀ ni a kì í fá a lójú rẹ̀ láìgbọ́ tẹnu rẹ̀. "Dádì, ṣé kí n fi nọ́ńbà kan gẹ̀ ẹ́ àbí méjì?" Gáàdì nọ́ńbà kan ń fi nǹkan bíi mìlímítà mẹ́ta sílẹ̀, méjì ń fi mẹ́fà, mẹ́ta ń fi mẹ́wàá, mẹ́rin ń fi mẹ́tàlá. Bí bàbá bá ní, "Ṣá ṣe é bó ṣe yẹ," bẹ̀rẹ̀ láti orí èyí tó gùn jù. O lè gẹ̀ ẹ́ sí i. O ò lè lẹ̀ ẹ́ padà.

Má ṣe: Fi réésà fá ìpàkọ́ ẹni tí kókó bọ́ǹpù ti wà lọ́rùn rẹ̀. Irun wa ń ká. Bí a bá fá a sún mọ́ awọ jù, ṣóńṣó rẹ̀ á tún gún awọ wọlé, ibẹ̀ á wú, á le, á di kókó. Fi irun díẹ̀ sílẹ̀ fún un, kódà bó bá ń bẹ̀ ọ́ pé gorímápá lòun fẹ́. Sọ fún un kó lọ rí dókítà awọ ara kí ó tó tóbi.

Má ṣe: Kígbe "Ọmọ yìí ti ní lápálápá!" lójú gbogbo ṣọ́ọ̀bù. Pe ìyá rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́. "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ́kọ́ mú un lọ sílé ìwòsàn, màá gẹ̀ ẹ́ fún un tó bá sàn." Oògùn mímu ló sábà ń wo lápálápá orí, ìpara nìkan kì í ká a. Bí o bá sì ti fi kílípà kàn án kí o tó rí i, o mọ ohun tó kàn: fọ̀ ọ́, kí o sì pa kòkòrò ara rẹ̀.

Ṣe: Fi ọmọ kékeré mọ kílípà kí o tó gẹ̀ ẹ́. Gbé pákó sórí apá àga méjèèjì, gbé e jókòó, jẹ́ kó fọwọ́ kan kílípà nígbà tí kò tíì tàn. Tàn án jìnnà sí etí rẹ̀, fi ẹ̀yìn rẹ̀ kàn án lápá kó mọ bó ṣe ń gbọ̀n. Ìpàkọ́ ni kí o ti bẹ̀rẹ̀, kì í ṣe iwájú. Fún ọmọ ọwọ́, kílípà pẹ̀lú gáàdì. Réésà kò ní iṣẹ́ kankan lórí àwùjẹ̀.

Má ṣe: Gbé fóònù séjìká kí o máa bá ènìyàn jiyàn bọ́ọ̀lù nígbà tí kílípà wà lẹ́bàá etí.

LÁLẸ́

Ṣe: Yọ gbogbo rẹ̀ kúrò lára iná. Iná tó bá sáré dé láàjìn lè ju ohun tí kílípà lè gbà lọ. Ká okùn rẹ̀ gbẹ̀rẹ̀gẹ̀dẹ̀, má wé e mọ́ ọn lára, ibi tí okùn ti wọnú kílípà ni wáyà ti ń já.

Má ṣe: Yá ẹnikẹ́ni ní kílípà fún "ìṣẹ́jú márùn-ún péré." Bí aládùúgbò bá dé pé òun fẹ́ fi gé irun ajá òun, sọ fún un pé ó ń gba iná lọ́wọ́.